Kì í Ṣe Ojú, Kì í Ṣe Ọ̀lẹ: Ìtàn Bí Ayé Ṣe Mọ Ìdí Tí Ọmọ Ọlọ́gbọ́n Fi Ń Tiraka Pẹ̀lú Ìwé Kíkà

"Ìka kò dọ́gba," ni àwọn àgbà máa ń wí nígbà tí ọmọ kan bá yára gbọ́ ẹ̀kọ́ tí èkejì sì ń fà sẹ́yìn. Òwe náà gbà pé ìyàtọ̀ wà láàárín ènìyàn, ṣùgbọ́n kò sọ ohun tí ó fa ìyàtọ̀ náà. Ibi tí òwe dákẹ́ sí ni ìyà ọ̀pọ̀ ọmọ ti bẹ̀rẹ̀. Ọmọ tí ó mọ àlọ́ pa, tí ó mọ ìṣirò owó, tí kì í gbàgbé iṣẹ́ tí wọ́n bá rán an, lè dúró níwájú ìwé kí ohùn rẹ̀ sì wọlẹ̀. Olùkọ́ a ní olódo ni, òbí a ní ọ̀lẹ ni, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ a sì fi ṣe yẹ̀yẹ́. Ó gba àwọn onímọ̀ tó ọgọ́rùn-ún ọdún kí wọ́n tó lè sọ ní pàtó ohun tí ń ṣe irú ọmọ bẹ́ẹ̀, ọ̀nà tí wọ́n sì gbà dé ibẹ̀ kún fún ìṣìnà. Ìtàn ìṣìnà náà yẹ ní mímọ̀, nítorí pé púpọ̀ nínú ohun tí wọ́n kọ́kọ́ gbà gbọ́ ní àṣìṣe ni àwọn òbí àti olùkọ́ ṣì ń tún sọ títí di òní.

Ọmọkùnrin tí ó ṣi orúkọ ara rẹ̀ kọ

Ní ọjọ́ 7 oṣù kọkànlá ọdún 1896, dókítà kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ W. Pringle Morgan, tí ó ń ṣiṣẹ́ ní ìlú Seaford ní etí òkun gúúsù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tẹ àkọsílẹ̀ kúkúrú kan jáde nínú ìwé ìròyìn àwọn oníṣègùn, British Medical Journal. Ó kọ nípa ọmọkùnrin ọlọ́dún 14 kan tí ó pè ní Percy. Ọmọ náà já fáfá, ó yára nínú eré ìdárayá, kò sì sí ohun tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ fi sàn jù ú lọ àyàfi ìwé kíkà. Láti ìgbà tí ó ti wà ní ọmọ ọdún 7 ni àwọn olùkọ́ ti ń gbìyànjú lórí rẹ̀, síbẹ̀ agbára káká ni ó fi ń ka ọ̀rọ̀ onísílébù kan. Nígbà tí ó kọ orúkọ ara rẹ̀, "Precy" ni ó kọ, kò sì rí àṣìṣe náà títí wọ́n fi pe àkíyèsí rẹ̀ sí i ju ẹ̀ẹ̀kan lọ.

Kò sí ohun tí ó ṣe ojú rẹ̀. Ó ń ka nọ́ńbà láìsí wàhálà. Nígbà tí wọ́n ní kí ó sọ 749 di púpọ̀ ní ọ̀nà 867, kíá ni ó ṣe é, kò sì ṣì í. Olùkọ́ tí ó ti kọ́ ọ fún ọdún mélòó kan sọ pé bí ó bá jẹ́ pé ẹnu nìkan ni wọ́n fi ń kọ́ni ní ilé ìwé náà, ọmọ yìí ni ìbá mọ̀wé jù lọ níbẹ̀. Ohun tí Morgan sọ nípa rẹ̀ ni pé àbímọ́ ni ìṣòro náà. Kì í ṣe àìsàn tí ó dé lójijì, kì í sì í ṣe àìgbọ́ràn.

Orúkọ tí Morgan fún ìṣòro náà, "ìfọ́jú ọ̀rọ̀", kì í ṣe òun ni ó dá a sílẹ̀. Adolf Kussmaul, oníṣègùn ará Jámánì, ni ó kọ́kọ́ lò ó ní ọdún 1877 fún àwọn àgbàlagbà tí wọ́n ti mọ̀wé kà tẹ́lẹ̀, tí ọpọlọ wọn wá farapa, tí wọn kò sì lè kàwé mọ́ bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé wọ́n ṣì ń ríran. Ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà, Rudolf Berlin, dókítà ojú ní ìlú Stuttgart, fi èdè Gíríìkì hun orúkọ tí gbogbo ayé ń lò lónìí: dyslexia. Ní Paris, Jules Dejerine ṣàpèjúwe ní ọdún 1892 ọkùnrin kan tí ó rí i lójijì pé òun kò lè kàwé mọ́. Ọkùnrin náà ń sọ̀rọ̀ dáadáa, ó ń kọ ohun tí wọ́n bá pè fún un, ṣùgbọ́n kò lè ka ohun tí òun tìkára rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ tán. Nígbà tí ó kú, wọ́n yẹ ọpọlọ rẹ̀ wò, wọ́n sì rí ọgbẹ́ ní ẹ̀yìn apá òsì.

Láti ara àwọn àgbàlagbà wọ̀nyí ni wọ́n ti mú àlàyé tí wọ́n fi bo àwọn ọmọdé. James Hinshelwood, oníṣẹ́ abẹ ojú ní Glasgow, kó ọ̀pọ̀ irú ọmọ bẹ́ẹ̀ jọ sínú ìwé kan tí ó tẹ̀ jáde ní ọdún 1917. Èrò rẹ̀ ni pé ibì kan wà nínú ọpọlọ tí a ń kó àwòrán ọ̀rọ̀ pamọ́ sí, àti pé ibẹ̀ ni kò pé lára àwọn ọmọ náà. Ní ọdún 1925, Samuel Orton ní Amẹ́ríkà mú àlàyé mìíràn wá. Ó rí àwọn ọmọ tí ń ka b sí d, tí ń ka ọ̀rọ̀ láti ẹ̀yìn wá sí iwájú, ó sì rò pé apá òtún àti apá òsì ọpọlọ ń bá ara wọn jìjàdù, tí àwòrán lẹ́tà inú èkíní sì ń dojú kọ ti èkejì bí òjìji inú dígí. Láti ìgbà náà ni èrò ti gbilẹ̀ káàkiri pé ẹni tí ó ní dyslexia a máa rí lẹ́tà sódì.

Ohun kan wà tí kò yẹ kí a gbójú fò. Ìlànà ìkọ́ni tí Anna Gillingham àti Bessie Stillman gbé kalẹ̀ lórí èrò Orton ṣe ọ̀pọ̀ ọmọ ní àǹfààní. Wọ́n ní kí ọmọ wo lẹ́tà, kí ó pe ìró rẹ̀, kí ó sì fi ìka tọ ipa rẹ̀, lẹ́tà kan lẹ́yìn òmíràn, láìkánjú. Oògùn náà ń ṣiṣẹ́, ṣùgbọ́n ìdí tí ó fi ń ṣiṣẹ́ yàtọ̀ sí èyí tí wọ́n rò. Wọ́n rò pé ojú ni àwọn ń tún ṣe. Ìsopọ̀ lẹ́tà mọ́ ìró ni wọ́n ń kọ́ ọmọ.

Ẹ̀rọ tí kò ṣiṣẹ́

Ìdáhùn tí ó yí ọ̀rọ̀ náà padà wá láti ibi tí ẹnikẹ́ni kò fojú sí. Ní ìparí Ogun Àgbáyé Kejì, àwọn onímọ̀ ní Haskins Laboratories ní Amẹ́ríkà, lára wọn ni Alvin Liberman àti Franklin Cooper, ń gbìyànjú láti ṣe ẹ̀rọ tí yóò máa ka ìwé sétí àwọn sójà tí ojú wọn fọ́ lójú ogun. Èrò wọn rọrùn: kí lẹ́tà kọ̀ọ̀kan ní ìró tirẹ̀, kí afọ́jú kọ́ àwọn ìró náà, kí ó sì máa gbọ́ ìwé. Ẹ̀rọ náà já wọn kulẹ̀. Bí ìró náà bá ń tẹ̀ lé ara wọn díẹ̀díẹ̀, ó ń pẹ́ jù. Bí wọ́n bá sì yára tó ọ̀rọ̀ ẹnu, gbogbo rẹ̀ a dà pọ̀ di ariwo. Síbẹ̀ ọ̀rọ̀ ẹnu fúnra rẹ̀ ń gbé nǹkan bí ìró mẹ́wàá sí mẹ́ẹ̀ẹ́dógún wọ etí láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, kò sì sí ẹni tí ó ń ṣòro fún láti gbọ́.

Ohun tí wọ́n ṣàwárí ni pé ọ̀rọ̀ ẹnu kì í to ìró sílẹ̀ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan bí ìlẹ̀kẹ̀ tí a sín. Ìró ń wọ inú ara wọn. Nígbà tí ẹnu bá ń pe "bá", ètè àti ahọ́n ti ń múra sílẹ̀ fún fáwẹ̀lì kí kọ́ńsónáǹtì tó parí. Ẹni tí ó bá fẹ́ pe b nìkan yóò rí i pé kò ṣe é ṣe. Ìdí nìyí tí àwọn ọmọ tí ń kọ́ ábídí fi máa ń pè é ní "bí". Ìró kọ̀ọ̀kan, tí àwọn onímọ̀ èdè ń pè ní fóníìmù, wà nínú òye ẹni tí ó gbọ́ èdè ju bí ó ti wà nínú afẹ́fẹ́ lọ.

Isabelle Liberman, ìyàwó Alvin, tí ó jẹ́ olùkọ́ ní Yunifásítì Connecticut, ni ó rí ohun tí èyí túmọ̀ sí fún ọmọ ilé ìwé. Bí fóníìmù kò bá yà sọ́tọ̀ nínú ohun tí etí ń gbọ́, báwo ni ọmọdé yóò ṣe mọ̀ pé lẹ́tà mẹ́ta dúró fún ìró mẹ́ta? Ní ọdún 1974, òun àti Donald Shankweiler pẹ̀lú àwọn akẹgbẹ́ wọn tẹ ìwádìí kan jáde tí ó dà bí eré. Wọ́n fún ọmọ ní igi kékeré kan, wọ́n ní kí ó fi kan tábìlì ní iye ìgbà tí sílébù wà nínú ọ̀rọ̀. Wọ́n ní kí àwọn mìíràn ṣe bẹ́ẹ̀ fún fóníìmù. Nínú àwọn ọmọ ọdún 4, bí ìdajì ni ó lè ka sílébù, kò sì sí ẹyọ ẹnìkan tí ó lè ka fóníìmù. Nínú àwọn ọmọ ọdún 5, ìdá 17 nínú ọgọ́rùn-ún ni ó lè ka fóníìmù. Ní ìparí ọdún àkọ́kọ́ ní ilé ìwé, ó ti di 70 nínú ọgọ́rùn-ún, ti sílébù sì ti dé 90.

Àwọn ọmọ Yorùbá tí ń sọ ẹnà láàárín ara wọn, tí ń ki ìró tuntun bọ sílébù kọ̀ọ̀kan kí àgbà má baà gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ, ti ń fi eré ṣe àfihàn apá kìíní ìwádìí náà. Sílébù kì í ni ọmọdé lára. Fóníìmù ni ó pamọ́, lẹ́tà sì ni kọ́kọ́rọ́ tí ń ṣí i sílẹ̀. Ní ọdún 1979, José Morais àti àwọn akẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe ìwádìí láàárín àwọn àgbàlagbà ní Portugal. Àwọn tí kò kàwé rí kò lè yọ ìró kan kúrò ní iwájú ọ̀rọ̀ tàbí kí wọ́n fi kún un. Àwọn ará àdúgbò kan náà tí wọ́n kọ́ ìwé kíkà nígbà tí wọ́n ti dàgbà lè ṣe é. Nípa báyìí, òye ìró ń ran ìwé kíkà lọ́wọ́, ìwé kíkà náà sì ń ran òye ìró lọ́wọ́.

Ní àkókò kan náà, ìgbàgbọ́ nínú ojú ń wó lulẹ̀. Àwọn Liberman ti fi hàn ní ọdún 1971 pé nínú gbogbo àṣìkà tí àwọn òǹkàwé tí kò dáńgájíá ń ṣe, nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́rin péré ni ó jẹ́ ti ìkàsódì. Frank Vellutino ní ìpínlẹ̀ New York fi ọ̀rọ̀ èdè Hébérù han àwọn ọmọ tí kò mọ èdè náà rí, ó sì ní kí wọ́n fi ọwọ́ yà á láti inú ìrántí. Àwọn tí ó ní ìṣòro ìwé kíkà ṣe é dáadáa bí àwọn tí kò ní. Bí ó bá jẹ́ ojú ni ó ń dojú lẹ́tà délẹ̀, lẹ́tà Hébérù pàápàá ìbá ti dojú délẹ̀. Ìṣòro náà kì í yọjú àyàfi nígbà tí lẹ́tà bá ní ìró tí a gbọ́dọ̀ pè.

Lynette Bradley àti Peter Bryant ní Oxford ni ó wá fi ìdí ọ̀rọ̀ náà múlẹ̀ ní ọdún 1983. Wọ́n dán ọmọ 403 wò kí wọ́n tó mọ̀wé kà: wọ́n pe ọ̀rọ̀ mẹ́ta tàbí mẹ́rin fún wọn, wọ́n sì ní kí wọ́n mú èyí tí ìró rẹ̀ kò bá ti àwọn yòókù mu. Èsì ìdánwò náà sọ bí wọn yóò ṣe kàwé sí ní ọdún mélòó kan lẹ́yìn náà. Wọ́n sì mú ọmọ 65 nínú àwọn tí èsì wọn kò dára, wọ́n pín wọn sí ọ̀nà mẹ́rin, wọ́n kọ́ àwọn kan ní eré ìró fún ọdún méjì. Àwọn tí wọ́n fi lẹ́tà oníke kún eré ìró wọn ni ó tẹ̀ síwájú jù lọ nínú ìwé kíkà.

Nígbà tí ìyára wọ inú ọ̀rọ̀

Síbẹ̀ ohun kan ṣẹ́ kù. Àwọn ọmọ kan wà tí wọ́n mọ ìró í yà sọ́tọ̀, tí wọ́n mọ lẹ́tà, tí wọ́n ń ka ọ̀rọ̀ láìṣì, ṣùgbọ́n tí wọ́n ń falẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ìparí gbólóhùn fi ń bá ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ nínú ìgbàgbé. Kí ni ó ń ṣe àwọn wọ̀nyí?

Okùn tí ó já sí ìdáhùn náà tún bẹ̀rẹ̀ láti ara aláìsàn Dejerine. Ní ọdún 1965, Norman Geschwind, onímọ̀ ọpọlọ ní Boston, ṣàkíyèsí pé àwọn àgbàlagbà tí ọpọlọ wọn farapa ní ọ̀nà bẹ́ẹ̀ sábà máa ń pàdánù agbára láti pe orúkọ àwọ̀ pẹ̀lú. Wọ́n ń rí pupa, wọn kò kàn lè rí orúkọ rẹ̀ mú. Ó dá a lábàá pé bí ọmọ ṣe ń pe orúkọ àwọ̀ lè sọ bóyá ó ti múra tán láti kàwé. Akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀, Martha Denckla, tẹ̀ lé àbá náà. Ohun tí òun rí ni pé àwọn ọmọ tí ó ní dyslexia mọ orúkọ àwọ̀ dáadáa. Wọ́n kàn ń pẹ́ kí wọ́n tó pè é ni.

Láti inú èyí ni Denckla àti Rita Rudel ti ṣe ìdánwò kan tí wọ́n gbé jáde láàárín ọdún 1974 sí 1976, tí wọ́n ṣì ń lò kárí ayé. Pátákó kan ni, tí ohun 50 wà lórí rẹ̀: ohun márùn-ún péré ni, tí wọ́n tún tò léraléra lórí ìlà márùn-ún. Ó lè jẹ́ àwọ̀, nọ́ńbà, lẹ́tà, tàbí àwòrán ohun tí gbogbo ọmọ mọ̀. Ọmọ yóò pe orúkọ wọn láti òsì sí ọ̀tún bí ó bá ti lè yára tó, olùdánwò yóò sì máa wo aago. Kò sí ohun tí ó ṣòro níbẹ̀, ọmọ mọ gbogbo rẹ̀. Àkókò nìkan ni wọ́n ń wọ̀n, àkókò náà sì ya àwọn tí ó ní dyslexia sọ́tọ̀ kúrò lára àwọn ọmọ tí ìṣòro ẹ̀kọ́ wọn jẹ́ irú mìíràn.

Ìdí tí ìdánwò kékeré bẹ́ẹ̀ fi lágbára kò ṣòro láti lóye. Ojú ní láti rí àmì, ọpọlọ ní láti dá a mọ̀, kí ó lọ gbé ìró orúkọ rẹ̀ wá láti inú ìrántí, kí ẹnu pè é, kí ojú sì ti kọjá sórí èyí tí ó tẹ̀ lé e kí ẹnu tó parí. Ohun tí òǹkàwé ń ṣe gan-an nìyẹn, tí a yọ ìtumọ̀ àti gírámà kúrò lára rẹ̀. Bí ìgbésẹ̀ kọ̀ọ̀kan bá falẹ̀ díẹ̀, ìfalẹ̀ náà a máa kó jọ láti orí ọ̀rọ̀ dé orí gbólóhùn, láti orí gbólóhùn dé orí ojú ìwé.

Ní ibi yìí ni iyàn ti bẹ́ sílẹ̀. Richard Wagner àti Joseph Torgesen ní Florida sọ ní ọdún 1987 pé ẹ̀ka mẹ́ta ni agbára ìró ní: kí ènìyàn mọ ìró yà sọ́tọ̀, kí ó lè mú ìró dání nínú ìrántí fún ìgbà díẹ̀, àti kí ó lè yára gbé ìró orúkọ jáde. Lójú tiwọn, ìyára jẹ́ ọmọ ilé kan náà pẹ̀lú òye ìró. Maryanne Wolf ní Tufts àti Patricia Bowers ní Canada kò gbà. Ní ọdún 1999 wọ́n ní ìṣòro méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni: àwọn ọmọ kan ní ti òye ìró, àwọn kan ní ti ìyára ìdárúkọ, àwọn tí ó sì ní méjèèjì ni ọ̀rọ̀ wọn le jù. Iyàn náà kò tíì parí. Ohun tí àwọn méjèèjì fohùn ṣọ̀kan lé lórí ni pé òye ìró ni ó sún mọ́ kíkà láìṣì jù lọ, ìyára ìdárúkọ sì ni ó sún mọ́ kíkà geerege.

Ọ̀rọ̀ ìyára tún ní ẹ̀yà mìíràn tí ó mú owó púpọ̀ dání. Paula Tallal sọ láti ọdún 1973 pé àwọn ọmọ tí ó ní ìṣòro èdè kì í tètè gbọ́ ìyàtọ̀ ìró tí ó bá ń yára tẹ̀ lé ara wọn, ó sì na àlàyé náà dé orí ìwé kíkà. Ní ọdún 1996, òun àti Michael Merzenich gbé eré kọ̀ǹpútà jáde tí ń fa ọ̀rọ̀ gùn fún ọmọ, tí ó sì ń mú un yára díẹ̀díẹ̀. Ìrètí ga, ilé ìwé púpọ̀ ní Amẹ́ríkà sì rà á. Nígbà tí àwọn olùwádìí mìíràn kó èsì àwọn ìdánwò tí ó dára jọ ní ọdún 2011, wọn kò rí ẹ̀rí pé ó mú ìwé kíkà sunwọ̀n. Ẹ̀kọ́ kan náà ni ó jáde lórí pátákó Denckla: kò sí ẹ̀rí tí ó dúró ṣinṣin pé kí ọmọ máa fi eré pípe orúkọ kíákíá dára yá yóò sọ ọ́ di òǹkàwé. Ìyára jẹ́ àmì tí ń fi ìṣòro hàn. Ohun tí ń mú un pọ̀ sí i nínú ìwé kíkà ni kí a mọ ìsopọ̀ lẹ́tà àti ìró dunjú, kí a sì máa kàwé léraléra.

Èdè kọ̀ọ̀kan àti ojú tí ìṣòro náà fi ń yọ

Títí di àkókò yìí, èdè Gẹ̀ẹ́sì ni púpọ̀ nínú ìwádìí náà dá lé, àkọtọ́ Gẹ̀ẹ́sì sì le ju ti ọ̀pọ̀ èdè lọ. Lẹ́tà kan a máa dún ní ọ̀nà púpọ̀, ìró kan a sì máa gba ọ̀pọ̀ lẹ́tà. Philip Seymour ní Dundee àti àwọn akẹgbẹ́ rẹ̀ fi èyí hàn kedere ní ọdún 2003. Ní ìparí ọdún àkọ́kọ́, àwọn ọmọ tí ń kàwé ní èdè Finland, Gíríìkì, Jámánì, Ítálì àti Spéènì ń ka 95 sí 98 nínú ọgọ́rùn-ún ọ̀rọ̀ kéékèèké láìṣì. Àwọn ọmọ Scotland tí ń kà ní Gẹ̀ẹ́sì ka 34.

Nítorí náà ni ìwádìí Heinz Wimmer ní Salzburg, ní ilẹ̀ Austria, fi ṣe pàtàkì. Ní ọdún 1993 ó fi hàn pé àwọn ọmọ tí ó ní dyslexia ní èdè Jámánì kì í fi bẹ́ẹ̀ ṣi ọ̀rọ̀ kà, nítorí pé àkọtọ́ wọn ń sọ òtítọ́ nípa ìró. Ohun tí ń dá wọn mọ̀ ni pé wọ́n ń falẹ̀, ìyára ìdárúkọ wọn sì ni ó sọ tẹ́lẹ̀ nípa wọn jù. Ní ọdún 2001, Eraldo Paulesu, Uta Frith àti àwọn mìíràn wo ọpọlọ àwọn àgbàlagbà tí ó ní dyslexia ní Ítálì, Faransé àti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì bí wọ́n ti ń kàwé. Àwọn ará Ítálì kàwé láìṣì ju àwọn yòókù lọ, ṣùgbọ́n apá kan náà ní òsì ọpọlọ ni iṣẹ́ ti dín kù lára gbogbo wọn. Ìṣòro kan náà ni. Àkọtọ́ ìlú kọ̀ọ̀kan ni ó ń wọ̀ ọ́ láṣọ.

Ọ̀rọ̀ yìí kan èdè Yorùbá gbọ̀ngbọ̀n. Àkọtọ́ tí Samuel Ajayi Crowther àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, tí ìjọba sì fọwọ́ sí àtúnṣe rẹ̀ ní ọdún 1974, jọ ti Ítálì ju ti Gẹ̀ẹ́sì lọ. Lẹ́tà 25 ni, ọ̀pọ̀ jù lọ nínú wọn ní ìró kan ṣoṣo, sílébù sì rọrùn láti yà sọ́tọ̀. Bí ohun tí wọ́n rí ní Austria àti Ítálì bá ṣe é gbà ṣe àpẹẹrẹ, a jẹ́ pé ọmọ Yorùbá tí ó ní dyslexia lè máa ka èdè abínibí rẹ̀ láìṣì púpọ̀ ṣùgbọ́n ní ìfalẹ̀, kí olùkọ́ tí kò wo aago má sì mọ̀ rárá pé ohunkóhun ń ṣe é.

Àmì ohùn tún dá kún un. Pẹ̀lú àmì, igba, igbá, ìgbà àti igbà yàtọ̀ síra wọn lójú bí wọ́n ti yàtọ̀ létí. Bí òǹkọ̀wé bá fi àmì sílẹ̀, bí ọ̀pọ̀ ìwé ìròyìn àti àtẹ̀jíṣẹ́ ti ń ṣe, gbogbo wọn di "igba", òǹkàwé sì ní láti lo ìyókù gbólóhùn láti mọ èyí tí ó tọ́. Ẹni tí ń yára lè ṣe é láìmọ̀ pé òun ń ṣe é. Ẹni tí ń falẹ̀ gbọ́dọ̀ dá gbólóhùn dúró. Àìfi àmì sí ọ̀rọ̀ ń sọ àkọtọ́ tí ó mọ́lẹ̀ kedere di àkọtọ́ oníkùrukùru, àwọn tí ó kéré lágbára ni ó sì kọ́kọ́ ń kọsẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ ni ọmọ tí Gẹ̀ẹ́sì jẹ́ èdè àkọ́kọ́ tí ó fi kàwé, bí ó ti rí fún ọ̀pọ̀ nínú àwọn ọmọ ìlú ńlá Nàìjíríà, ń ru ẹrù méjì: èdè tí kò tíì gbọ́ dáadáa, àti àkọtọ́ tí ó le. Ètò ọlọ́dún mẹ́fà tí Babs Fafunwa àti àwọn akẹgbẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní Ilé-Ifẹ̀ ní ọdún 1970, tí wọ́n fi èdè Yorùbá kọ́ ọmọ ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní gbogbo iṣẹ́ àyàfi Gẹ̀ẹ́sì fúnra rẹ̀, fi hàn pé àwọn ọmọ náà kò pàdánù ohunkóhun, títí kan nínú Gẹ̀ẹ́sì. Kì í ṣe nítorí dyslexia ni wọ́n ṣe é, ṣùgbọ́n ó bá ohun tí ìtàn yìí ń kọ́ni mu: kí ọmọ kọ́kọ́ rí bí lẹ́tà ṣe ń di ìró nínú èdè tí etí rẹ̀ ti mọ̀.

Ohun tí ó wà nídìí rẹ̀

Ní ọdún 2000, ilé ẹjọ́ tí ó ga jù lọ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dá ọ̀dọ́mọbìnrin kan láre, ẹni tí onímọ̀ ìṣesí ọmọ tí ìjọba ìbílẹ̀ gbà síṣẹ́ yẹ̀ wò nígbà tí ó wà ní ilé ìwé tí kò sì rí dyslexia lára rẹ̀. Ìdájọ́ náà sọ ọ́ di ohun tí òfin mọ̀ pé àìrí ìṣòro yìí lè ba ayé ọmọ jẹ́. Ní ọdún 2009, ìròyìn tí Jim Rose kọ fún ìjọba ibẹ̀ ka àmì mẹ́ta tí a fi ń mọ dyslexia: ìṣòro nínú òye ìró, nínú ìrántí ohun tí a gbọ́, àti nínú ìyára tí ọpọlọ fi ń ṣiṣẹ́ lórí ọ̀rọ̀. Ó fi kún un pé ó ń ṣẹlẹ̀ sí ọlọ́gbọ́n àti ẹni tí ọgbọ́n rẹ̀ mọ níwọ̀n láìyàtọ̀. Ohun tí olùkọ́ Percy ti fi ojú lásán rí ní ọdún 1896 ni ìjọba wá fọwọ́ sí.

Ìdí tí kò fi yẹ kí ọ̀rọ̀ náà dúró di ọjọ́ iwájú ni èyí tí Keith Stanovich ṣàlàyé ní ọdún 1986. Ọmọ tí ìwé kíkà rọrùn fún ń kà púpọ̀, ó ń kọ́ ọ̀rọ̀ tuntun, ìwé a sì túbọ̀ rọrùn fún un. Ọmọ tí ó ń falẹ̀ a máa sá fún ìwé, a máa kà díẹ̀, àlàfo àárín wọn a sì máa fẹ̀ sí i lọ́dọọdún. Ohun tí ó bẹ̀rẹ̀ bí ìfalẹ̀ kékeré nínú gbígbé ìró jáde lè parí sí àìmọ̀kan tòótọ́, kí àwọn tí ó pe ọmọ náà ní olódo sì rò pé àwọn ti sọ òótọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀.

Àtúnṣe rẹ̀ kò jìnnà sí arọ́wọ́tó. Eré ìró kí ọmọ tó wọ ilé ìwé, kíkọ́ lẹ́tà pẹ̀lú ìró rẹ̀ létòlétò, àmì ohùn lórí ìwé àwọn ọmọdé, kíka ìwé kan náà léraléra títí yóò fi yọ̀ lẹ́nu: kò sí èyí tí ó béèrè ẹ̀rọ olówó ńlá. Níbi ìdánwò, ọmọ tí ó mọ ìdáhùn ṣùgbọ́n tí ń pẹ́ kí ó tó ka ìbéèrè tán nílò àfikún àkókò, bí wọ́n ti ń fún irú wọn ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, aago ni ìdánwò náà ń wọ̀n, kì í ṣe ìmọ̀. Kí olùkọ́ tó gbé pàṣán, kí ó béèrè lọ́wọ́ ọmọ náà ní ẹnu ohun tí ìwé ń béèrè. Bí ó bá dáhùn, ìmọ̀ wà níbẹ̀, ọ̀nà tí yóò gbà jáde ni ó há.